Arákùnrin Méjì, Ìtumọ̀ Orúkọ Kan: Ẹ̀kọ́ Lára Orúkọ Václav

Bíbélì kíkà: Òwe 22:1, Jòhánù 14:22, 1 Jòhánù 3:11-18

Ẹ̀kọ́ tí mo mú wá lónìí dá lórí orúkọ. Kì í ṣe orúkọ Yorùbá ni mo fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀. Orúkọ ọkùnrin kan ni, láàárín àwọn ará Czech ní àárín gbùngbùn Yúróòpù. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ní sùúrù fún mi. Orúkọ náà jìnnà sí wa lóòótọ́, ṣùgbọ́n òun ni Olúwa fi bá mi wí lórí ohun kan tó ti wà nínú ilé bàbá mi fún ọdún púpọ̀.

1. Bí mo ṣe pàdé orúkọ náà

Ní ilé-iṣẹ́ tí mo ti ń ṣiṣẹ́, wọ́n ra ẹ̀rọ tuntun kan, òyìnbó kan sì wá láti orílẹ̀-èdè Czech láti tò ó. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló lò lọ́dọ̀ wa, èmi ni wọ́n sì ní kí n máa bá a ṣiṣẹ́. A rí orúkọ rẹ̀ lára káàdì tó fi kọ́rùn: Václav. Àwọn kan nínú wa ń pè é ní "Fákíláfù", àwọn kan ní "Kíláfù". Ó rẹ́rìn-ín títí. Ó ní lẹ́tà c yẹn ń dún bíi "ts", v tó wà ní ìparí sì ń dún bíi "f". Ẹni tó bá pè é ní "Váátsiláf" ti súnmọ́ ọn. Ó ní nílé, Vašek ni ìyá òun ń pe òun.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, iná lọ. A jókòó, a ń retí kí wọ́n tan jẹnẹrétọ̀. Ó bi mí ní ìtumọ̀ orúkọ ìdílé mi. Inú mi dùn láti ṣàlàyé. Mo sọ fún un pé Olú tó bẹ̀rẹ̀ orúkọ náà ń tọ́ka sí Olúwa. Ó mi orí, ó ní ó dára. Lẹ́yìn náà ló bèèrè pé, "Ṣé orúkọ tí bàbá yín àgbà ń jẹ́ náà nìyẹn?"

Ìbéèrè lásán ni lẹ́nu tirẹ̀. Ṣùgbọ́n n kò rí èsì fọ̀ lójú ẹsẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí rẹ̀ fún yín.

2. Orúkọ tí mo yí padà

Babaláwo ni bàbá bàbá mi. Orúkọ ìdílé wa bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Fá. Bàbá mi gba Jésù nígbà tó wà ní ọ̀dọ́, ó sì di díákónì ní ṣọ́ọ̀ṣì ìlú wa, ṣùgbọ́n kò yí orúkọ náà padà. Ó máa ń sọ pé Ẹni tó gba òun là mọ orúkọ tí òun ń jẹ́ kí Ó tó pe òun.

Nígbà tí mo wọ yunifásítì tí mo sì di ọmọ fẹ́lóṣíìpù, ọ̀rọ̀ orúkọ gbóná láàárín wa. Ẹni tó bá ń jẹ́ Ifá, Ògún, Èṣù tàbí Ọ̀ṣun nínú orúkọ, wọ́n á ní àdéhùn àwọn bàbá ńlá ṣì ń tẹ̀ lé e. Ẹ̀rù bà mí. Ní ọdún kẹta mi, mo lọ sí kóòtù, mo búra, mo gbé e sínú ìwé ìròyìn. Mo yọ Fá kúrò, mo fi Olú rọ́pò rẹ̀. N kò sọ fún bàbá mi. Ẹnì kan ló rí i nínú ìwé ìròyìn tó lọ fi hàn án.

Bàbá mi kò bá mi jà. Ó ní kí Olúwa bá mi gbé orúkọ náà. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ni kò gbà. Mẹkáníìkì ni ẹ̀gbọ́n mi, òun ló sì ń san owó ilé-ìwé mi láti ọdún kìíní. Ó pè mí lórí fóònù, gbólóhùn kan ṣoṣo ló sọ: "Owó ilé-ìwé tí Fá san fún ẹ ńkọ́, ṣé òun náà ti di Olú?"

Èmi náà kò pa ẹnu mọ́. Mo dá a lóhùn pé ìmọ́lẹ̀ àti òkùnkùn kì í rìn pọ̀. Ẹ gbọ́ mi o: ẹ̀gbọ́n mi kì í ṣe abọ̀rìṣà. Nínú ẹgbẹ́ akọrin ló wà ní ṣọ́ọ̀ṣì bàbá wa. Nítorí orúkọ nìkan ni mo ṣe pè é ní òkùnkùn.

Nígbà tí bàbá wa kú, orúkọ ìdílé méjì ló hàn lára ìwé ètò ìsìnkú. Àwọn àlejò ń bèèrè bóyá bàbá kan náà ló bí wa. A sin bàbá tán, oníkálukú gba ọ̀nà tirẹ̀ lọ. Ọdún mẹ́rin kọjá. N kò pe ẹ̀gbọ́n mi, òun náà kò pè mí. Ní gbogbo ọdún mẹ́rẹ̀ẹ̀rin yẹn, mo ń kọ́ àwọn ènìyàn ní Bíbélì.

Nítorí náà, nígbà tí Václav bi mí ní ìbéèrè yẹn, ohun tí mo rí sọ kò ju "Rárá, mo yí i padà ni" lọ. Kò tọpinpin mi. Ó wá sọ ti tirẹ̀ fún mi, ó ní orúkọ bàbá bàbá òun ni wọ́n sọ òun, àti pé ọjọ́ orúkọ náà jẹ́ ọjọ́ ìsinmi fún gbogbo orílẹ̀-èdè àwọn. Ohun tó sọ yìí ló mú kí n lọ ka ìtàn orúkọ náà.

3. Kí ni ìtumọ̀ Václav?

Ní ayé àtijọ́, Veceslav ni wọ́n ń pè é. Ọ̀rọ̀ méjì ló so pọ̀. Èkíní túmọ̀ sí "tó pọ̀ jù" tàbí "tó tóbi sí i". Èkejì ni sláva, èyí tó túmọ̀ sí ògo tàbí òkìkí. Nítorí náà, "ògo tó pọ̀ sí i" ni ìtumọ̀ Václav. Bí Yorùbá bá fẹ́ sọ ọmọ ní irú orúkọ yìí, Ọlálékan ló súnmọ́ ọn jù: ọlá tún lé ọ̀kan sí i.

Bí "Ọlá" ṣe wọ́pọ̀ nínú orúkọ tiwa, bẹ́ẹ̀ ni "slav" ṣe wọ́pọ̀ nínú tiwọn. Ẹ óò gbọ́ Bohuslav, tó jẹ mọ́ ògo Ọlọ́run. Ẹ óò gbọ́ Jaroslav, Stanislav àti Vratislav. Václav fúnra rẹ̀ sì ti rìn jìnnà. Àwọn ará Rọ́ṣíà ń pè é ní Vyacheslav, àwọn ará Pólàndì ní Wacław, àwọn ará Jámánì ní Wenzel. Wenceslas ni àwọn elédè Gẹ̀ẹ́sì ń pè é. Ọ̀pọ̀ nínú yín ti gbọ́ orúkọ yẹn nínú orin Kérésìmesì kan tí John Mason Neale kọ ní ọdún 1853, èyí tó sọ nípa ọba rere tó la òjò dídì kọjá láti gbé oúnjẹ àti igi ìdáná lọ fún tálákà. Ọba kọ́ ni ọkùnrin náà nígbà ayé rẹ̀ o. Olórí ìlẹ̀ Bohemia ni, ipò rẹ̀ sì wà lábẹ́ ti ọba.

Nínú kàlẹ́ńdà àwọn ará Czech, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ọjọ́ kọ̀ọ̀kan ló ní orúkọ tirẹ̀. Bí ọjọ́ orúkọ rẹ bá pé, àwọn ènìyàn á kí ọ, bí ìgbà tí wọ́n ń kí ọ ní ọjọ́ ìbí. Ọjọ́ 28 oṣù Kẹsàn-án ni ti Václav. Láti ọdún 2000 ni ọjọ́ náà sì ti di ọjọ́ ìsinmi ìjọba. Ọjọ́ tí wọ́n pa ẹni àkọ́kọ́ tó sọ orúkọ náà di olókìkí ni.

4. Ìyá àgbà tó tọ́ ọ

Nǹkan bí ọdún 907 ni wọ́n bí Václav yìí. Ẹ̀sìn Kristi ṣì jẹ́ tuntun ní ilẹ̀ wọn nígbà náà. Ní ọdún 863 ni àwọn arákùnrin méjì kan, Cyril àti Methodius, dé sí ilẹ̀ Moravia tó wà nítòsí. Wọ́n ṣe álífábẹ́ẹ̀tì fún èdè àwọn ènìyàn náà, wọ́n sì túmọ̀ Ìwé Mímọ́ sí i, irú iṣẹ́ tí Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther wá ṣe fún àwa náà ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún lẹ́yìn wọn. Ìtàn sọ pé Methodius ló ri bàbá bàbá Václav bọmi, ẹni tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Bořivoj.

Ìyàwó Bořivoj, Ludmila, ló tọ́ Václav nínú ìgbàgbọ́. Orúkọ tirẹ̀ náà ní ìtumọ̀: ẹni ọ̀wọ́n lójú àwọn ènìyàn. Tí ẹ bá ka 2 Tímótì 1:5, ẹ óò rí Lóìsì, ìyá àgbà Tímótì, tí ìgbàgbọ́ kọ́kọ́ gbé inú rẹ̀. Irú ìyá àgbà bẹ́ẹ̀ ni Ludmila.

Bàbá Václav kú ní ọdún 921 nígbà tí ọmọ náà ṣì kéré láti jọba. Ìyá rẹ̀, Drahomíra, gba àkóso. Àárín ìyá yìí àti ìyá ọkọ rẹ̀ kò gún. Ní ọjọ́ 15 oṣù Kẹsàn-án ọdún yẹn gan-an, àwọn ènìyàn Drahomíra lọ bá Ludmila ní ìlú Tetín, wọ́n sì fún un lọ́rùn pa.

Ẹ wo ilé tí ọmọ yìí ti dàgbà. Ìyá rẹ̀ ló rán ni pa ìyá àgbà tó kọ́ ọ ní àdúrà. Ìtàn sọ pé nígbà tí agbára dé ọwọ́ rẹ̀, ó lé ìyá rẹ̀ kúrò ní ìlú, ṣùgbọ́n nígbà tó yá, ó pè é padà. Mo ka ibí yìí, mo gbé ìwé sílẹ̀. Mo rántí pé owó ilé-ìwé ni ẹ̀gbọ́n mi san fún mi. Kò pa ẹnikẹ́ni.

5. Ọlálékan pàdé Ọlárewájú

Václav ṣe àkóso fún nǹkan bí ọdún mẹ́wàá. Ó kọ́ ilé ìjọsìn kan ní orí òkè ààfin Prague, ní ibi tí Kàtídírà Vitus Mímọ́ wà lónìí. Nígbà tí ọba Jámánì gbé ogun wá sí Prague ní ọdún 929, ó gbà láti máa san ìṣákọ́lẹ̀ dípò kí ìlú rẹ̀ run. Àwọn ìtàn àtijọ́ tún sọ pé ó máa ń ra ẹrú sílẹ̀, ó sì máa ń bọ́ àwọn tálákà.

Ó ní àbúrò kan. Orúkọ àbúrò náà ni Boleslav. Ibi tó gbà mí lọ́kàn jù nínú gbogbo ohun tí mo kà nìyí. "Bole" nínú èdè wọn àtijọ́ túmọ̀ sí "tó pọ̀ sí i", ẹ sì ti mọ "slav". Kí wá ni ìtumọ̀ Boleslav? Ògo tó pọ̀ sí i! Ẹ̀gbọ́n àti àbúrò, ìtumọ̀ kan náà ni orúkọ wọn ní. Ó dà bí ìgbà tí bàbá kan sọ ọmọ rẹ̀ kan ní Ọlálékan, tó sọ èkejì ní Ọlárewájú.

Àdúrà kan náà ni àwọn òbí gbà lé wọn lórí. Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀.

Boleslav pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wá sí ìlú tirẹ̀ fún àjọ̀dún ìjọ. Wọ́n jẹ, wọ́n mu. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹsàn-án ọdún 935 (àwọn ìwé mìíràn sọ pé 929 ni), Václav ń lọ sí ilé ìjọsìn fún àdúrà òwúrọ̀. Àbúrò rẹ̀ pàdé rẹ̀ lọ́nà, ó yọ idà sí i. Ìtàn sọ pé Václav lágbára jù ú lọ, ó gbé e ṣubú, ṣùgbọ́n kò pa á. Àwọn ọmọ ogun Boleslav ló sáré dé tí wọ́n gún un pa ní ẹnu ọ̀nà ilé ìjọsìn. Ìtàn kan náà sọ pé ọ̀rọ̀ tó sọ kẹ́yìn ni pé kí Ọlọ́run dárí ji arákùnrin òun.

Cosmas, àlùfáà ìlú Prague kan tó kọ ìtàn ilẹ̀ náà tó sì kú ní ọdún 1125, sọ pé àsìkò àjọ̀dún yẹn gan-an ni ìyàwó Boleslav bí ọmọkùnrin kan. Wọ́n sọ ọmọ náà ní Strachkvas. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni "àsè ẹ̀rù". Ẹ ò rí i bí? Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ilé tí wọ́n wò lọ́jọ́ náà, ẹ̀jẹ̀ ló wà ní ẹnu ọ̀nà rẹ̀.

Ṣùgbọ́n Ọlọ́run kò pa ìwé ilé yẹn dé. Cosmas ní Boleslav kábàámọ̀, ó sì fi Strachkvas jìn fún iṣẹ́ Ọlọ́run. Ọmọ náà di ẹni tó ń gbé inú ilé àwọn tó fi ayé wọn sin Ọlọ́run ní ìlú Regensburg. Boleslav fúnra rẹ̀ mú kí wọ́n gbé òkú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wá sí Prague, sínú ilé ìjọsìn tí ẹ̀gbọ́n náà kọ́. Ọmọbìnrin rẹ̀, Doubravka, fẹ́ Mieszko, olórí ilẹ̀ Pólàndì, ní ọdún 965. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni ọkọ náà ṣe ìrìbọmi, ibẹ̀ ni ìtàn ìjọ Kristi sì ti fẹsẹ̀ múlẹ̀ ní Pólàndì. Síbẹ̀, ìnagijẹ tí Boleslav ń jẹ́ nínú ìwé ìtàn títí di òní ni "Boleslav Ìkà". Orúkọ tí òbí sọ ọ́ wà níbẹ̀. Èyí tí ìwà rẹ̀ sọ ọ́ ni wọ́n fi ń mọ̀ ọ́n.

6. Àwọn tó jẹ orúkọ náà lẹ́yìn rẹ̀

Ẹni kan wà tí ìtàn rẹ̀ bá èmi tí mo yí orúkọ padà mu. Ọba ńlá tí wọ́n ń pè ní Karel Kẹrin, ẹni tó dá yunifásítì Prague sílẹ̀ ní ọdún 1348, Václav ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ nígbà tí wọ́n bí i ní ọdún 1316. Nígbà tó pé ọmọ ọdún méje, wọ́n mú un lọ sí ààfin ọba Faransé, ibẹ̀ ló sì ti gba orúkọ ọba náà, tó di Karel. Ó jẹ orúkọ tuntun títí ó fi kú. Ṣùgbọ́n kò kẹ́gàn orúkọ tó fi sílẹ̀. Adé tó ní kí wọ́n ṣe fún àwọn ọba ilẹ̀ rẹ̀, orúkọ Václav ló fi pè é, ó wà ní Prague di òní, nínú yàrá tí ilẹ̀kùn rẹ̀ ní kọ́kọ́rọ́ méje tó wà lọ́wọ́ ènìyàn méje. Ó kọ ìtàn ìgbésí ayé Václav fúnra rẹ̀. Ó sì sọ ọmọ rẹ̀ ní Václav.

Ọmọ náà ńkọ́? Václav Kẹrin ni, ó jọba, ọ̀lẹ sì ni wọ́n ń pè é. Ní ọdún 1393, àwọn ènìyàn rẹ̀ ju àlùfáà kan tó ń jẹ́ Jan láti Nepomuk sínú odò láti orí afárá Prague. Ní ọdún 1400, àwọn ìjòyè Jámánì yọ ọ́ kúrò lórí oyè tó ní lọ́dọ̀ wọn, wọ́n ní kò wúlò. Orúkọ ẹni mímọ́ ló jẹ́.

Ní ayé tiwa yìí, Václav Havel, ẹni tó ń kọ eré orí ìtàgé, jókòó sí ẹ̀wọ̀n láti 1979 dé 1983 nítorí pé ó kọ̀ láti gbè lẹ́yìn irọ́ ìjọba. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 1989, ọ̀pọ̀ èrò kóra jọ sí gbàgede Václav ní àárín Prague, wọ́n ní ìjọba náà gbọ́dọ̀ lọ. Kí ọdún yẹn tó parí, Havel ti di ààrẹ.

Orúkọ kan náà ni o. Ẹnì kan fi kú fún ìgbàgbọ́, ẹnì kan fi sọ oyè nù, ẹnì kan fi dúró lórí òtítọ́.

7. Kí ni Ìwé Mímọ́ kọ́ wa?

Yorùbá ní orúkọ a máa ro ọmọ. N kò sọ pé irọ́ ni. Nábálì wà nínú 1 Sámúẹ́lì 25:25, tí ìyàwó rẹ̀ sọ pé bí orúkọ rẹ̀ ṣe rí ni òun náà rí. Ọlọ́run fúnra rẹ̀ yí orúkọ Ábúrámù padà, Ó yí ti Jékọ́bù padà. Orúkọ kì í ṣe ohun yẹpẹrẹ. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo apá kejì.

Èkíní, nínú àwọn ọmọ-ẹ̀yìn méjìlá, Júdásì méjì ló wà. Orúkọ kan náà ni pẹ̀lú Júdà, tí Léà sọ ọmọ rẹ̀ nígbà tó fẹ́ yin Olúwa (Jẹ́nẹ́sísì 29:35). Ẹni tó ń jẹ́ ìyìn ló ta Olúwa rẹ̀. Jòhánù 14:22 wá ní láti ṣàlàyé pé Júdásì kejì yàtọ̀ sí Ískáríótù. Orúkọ kan ni, ọ̀nà méjì ni.

Èkejì, wọ́n sọ Dáníẹ́lì ní Bẹlitéṣásárì, Nebukadinésárì sì sọ lẹ́nu ara rẹ̀ pé orúkọ òrìṣà òun ni (Dáníẹ́lì 4:8). Orúkọ náà kò dí i lọ́wọ́ àdúrà ẹ̀ẹ̀mẹta lóòjọ́. Àpólò tó mọ Ìwé Mímọ́ dáadáa (Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì 18:24), orúkọ òrìṣà àwọn Gíríìkì ló wà nínú orúkọ rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni Ẹpafiródítù, tí Pọ́ọ̀lù pè ní arákùnrin, alábàáṣiṣẹ́ àti ọmọ ogun ẹlẹgbẹ́ òun (Fílípì 2:25). Kò sí ibi kankan tí Pọ́ọ̀lù ti ní kí wọ́n lọ yí orúkọ wọn padà kí wọ́n tó gba ìdáríjì.

Ọ̀rọ̀ yìí gún mi lọ́kàn nítorí pé mo ti jẹ akọ̀wé fẹ́lóṣíìpù rí. Arákùnrin kan tí orúkọ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Ògún fẹ́ ka Bíbélì níbi ìsìn ìdágbére àwọn tó ń jáde. Nígbà tí mo ń tẹ ìwé ètò, mo fi Olú rọ́pò Ògún náà láìbi í. Ó rí i, kò sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn ọjọ́ yẹn, n kò rí i ní ìpàdé wa mọ́. Títí di òní, n kò mọ ibi tó wà kí n lè bẹ̀ ẹ́.

Ẹ̀kẹta, 1 Jòhánù 3:11-18 kò fi orúkọ dá ọmọ Ọlọ́run mọ̀. Ìfẹ́ sí arákùnrin ló fi dá a mọ̀. Ó mú Kéènì jáde gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ ẹni tí a kò gbọ́dọ̀ jọ, ó sì sọ pé ẹni tó kórìíra arákùnrin rẹ̀, apànìyàn ni. N kò gún ẹnikẹ́ni ní ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì. Ṣùgbọ́n ọdún mẹ́rin ni mo fi ń wọ ṣọ́ọ̀ṣì tí ẹ̀gbọ́n mi sì ti kú nínú ọkàn mi.

Ẹ má ṣe ṣì mí gbọ́. Ẹni tí ẹ̀rí-ọkàn rẹ̀ bá sọ pé kó yí orúkọ padà, kó yí i padà nínú ìgbàgbọ́, kó sì kọ́kọ́ fi ọ̀wọ̀ bá àwọn òbí rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ẹni tí kò bá yí i padà, kó jẹ́ ẹ nínú ìgbàgbọ́. Ìlànà tí Róòmù 14 fi lélẹ̀ lórí oúnjẹ àti ọjọ́ lè tọ́ wa sọ́nà níbí: kí ẹni tó ṣe é má ṣe kẹ́gàn ẹni tí kò ṣe é. Orúkọ tí òbí sọ wá, àdúrà ni. Àwa la ó fi ìwà wa ṣe àmín sí i, tàbí kí a fi ìwà wa kọ̀ ọ́.

8. Ìpè kan

Ní alẹ́ ọjọ́ tí mo ka ìtàn Boleslav tán, mo wá nọ́ńbà ẹ̀gbọ́n mi. Mo ti pa á rẹ́ lórí fóònù mi. Ọ̀dọ̀ àbúrò ìyá wa ni mo ti gbà á. Mo pè é. Ó gbé e, ó bèèrè pé ta nìyẹn.

N kò mọ orúkọ tí mo lè dá. Bí mo bá dá ti tuntun, ìjà ni. Bí mo bá dá ti àtijọ́, irọ́ ni. Mo kàn ní, "Bọ̀dá mi, èmi ni. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má bínú."

Ó dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀. Lẹ́yìn náà ló ní, "Àkànní?"

Oríkì mi nìyẹn. Láti ìgbà tí bàbá wa ti kú, kò sí ẹni tó tún pè mí bẹ́ẹ̀. Mo ní, "Ẹ̀n, sà." Ó ní, "Ṣé o ti jẹun?" N kò lè dáhùn, ẹkún ti gbà mí.

N kò tíì padà sí kóòtù, n kò sì mọ̀ bóyá n óò padà síbẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi náà kò béèrè rẹ̀. Kérésìmesì tó kọjá, mo kó ìyàwó àti àwọn ọmọ mi lọ sí ilé rẹ̀. Ó fi ọmọ mi kékeré lé ẹsẹ̀, ó ń ki oríkì bàbá wa fún un. Ọlá lé ọ̀kan sí i nínú ilé wa lọ́jọ́ náà.

Ìbéèrè fún ìjíròrò

1. Kí ni ìtumọ̀ orúkọ rẹ? Ǹjẹ́ o ti bèèrè lọ́wọ́ àwọn òbí rẹ ohun tí wọ́n rí kí wọ́n tó sọ ọ́ bẹ́ẹ̀?
2. Václav àti Boleslav ní ìtumọ̀ orúkọ kan náà. Kí ló ya ọ̀nà wọn sọ́tọ̀?
3. Ka Dáníẹ́lì 1:6-8. Àwọn ará Bábílónì yí orúkọ Dáníẹ́lì padà. Kí ni ohun tí Dáníẹ́lì pinnu pé wọn kò ní yí padà nínú òun?
4. Ǹjẹ́ ẹnì kan wà nínú fẹ́lóṣíìpù yín tí ẹ ti fi ọwọ́ rọ́ tì sẹ́yìn nítorí orúkọ tàbí ilé tó ti wá? Kí ni ẹ máa ṣe kí ọ̀sẹ̀ yìí tó parí?
5. Ta ni ó yẹ kí o pè lálẹ́ òní?

Àdúrà

Baba wa ọ̀run, Ìwọ tí O mọ̀ wá kí a tó ní orúkọ, dárí jì wá níbi tí a ti fi orúkọ bo ìwà wa mọ́lẹ̀. Dárí jì wá níbi tí a ti pe arákùnrin wa ní òkùnkùn. Mú àwọn tí a lé sẹ́yìn padà wá sílé. Jẹ́ kí ògo Rẹ máa pọ̀ sí i nínú ilé wa, títí di ọjọ́ tí Ìwọ fúnra Rẹ yóò fún wa ní orúkọ tuntun tí O ṣèlérí nínú Ìfihàn 2:17. Ní orúkọ Jésù Kristi Olúwa wa. Àmín.